Ẹja Sísun Nínú Ewé àti Ata Efinrin Tútù: Ìdáhùn sí Lẹ́tà Àwọn Òǹkàwé

Nínú ìtẹ̀jáde tó kọjá, a kọ ìpínrọ̀ kan péré lórí bí a ṣe lè fi ewé wé odindi ẹja, kí a sun ún lórí ẹ̀yín iná, kí a sì fi ata efinrin tí kò kan iná rárá jẹ ẹ́. Lẹ́tà tó tẹ̀lé e pọ̀ ju ohun tí ojú ìwé yìí lè gbà lọ, nítorí náà a ti gé àwọn kan kúrú, a sì mú ẹyọ kan péré nínú àwọn tí ìbéèrè wọn jọra.

Ẹ̀gbọ́n wa, ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ra ẹja èpìyà ńlá kan, mo sì fi ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ wé e bí ẹ ṣe wí. Ewé náà ya kí n tó dì í tán, mo bá fi òmíràn lé e. Nígbà tí mo tú u lẹ́yìn ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ara ẹja ti jóná níbi tí ewé ti ya, bẹ́ẹ̀ sì ni ẹ̀jẹ̀ ṣì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ eegun ẹ̀yìn rẹ̀. Kí ló fà á? (Òǹkàwé kan, Bódìjà, Ìbàdàn)

Àbúrò mi, ewé tí kò yáná àti iná tí kò tíì rọlẹ̀ ló fà á. Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti orí ewé, nítorí pé ewé yẹn ni ìkòkò tí ẹ fi se ẹja náà, bí ìkòkò bá sì ti jò, kò sí bí ohun inú rẹ̀ ṣe lè jiná dáadáa.

Ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ gé lára igi máa ń le, ó sì máa ń ya gba ojú ìlà ara rẹ̀ bí a bá ti fẹ́ ṣẹ́ ẹ po. Ẹ kọ́kọ́ fi ọ̀bẹ yọ igi àárín rẹ̀ kúrò, kí ẹ fi aṣọ tútù nu ojú rẹ̀ méjèèjì, kí ẹ wá di etí rẹ̀ mú, kí ẹ sì máa fà á lọ díẹ̀díẹ̀ lókè iná. Ẹ má ṣe dúró lójú kan. Bí ooru bá ti dé ibì kan lára ewé náà, ẹ óò rí i pé àwọ̀ rẹ̀ jinlẹ̀ sí i, tí ojú rẹ̀ sì ń dán, torí pé ohun bí ìda tó wà lára rẹ̀ ló ń yọ́. Ibi tí kò bá tíì dán kò tíì rọ̀. Ewé tó bá ti yáná tán dáadáa ṣeé ká bí aṣọ. Ẹ tẹ́ méjì lé ara wọn, kí ìlà ti òkè gba gígùn ẹja, kí ti ìsàlẹ̀ sì dá a ní ìbú, kí ó lè jẹ́ pé ibi tí ọ̀kan bá ti fẹ́ ya, èkejì á gbà á mọ́ra. Ẹ fi ìko tàbí òwú funfun tí kò ní náílọ̀nù nínú dì í ní ọ̀nà mẹ́ta.

Bí ẹ bá rí ewé eéran rà, mo fara mọ́ ọn ju ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ lọ. Àwọn tó ń pọ́n mọ́ínmọ́ín tó sì ń di ìrẹsì ọ̀fadà mọ̀ ọ́n dáadáa: ó rọ̀, kì í tètè ya, òórùn rẹ̀ sì máa ń wọ inú oúnjẹ láìbo adùn oúnjẹ náà mọ́lẹ̀. Ìṣòro rẹ̀ kan ṣoṣo ni pé kò tóbi, nítorí náà ẹ óò to márùn-ún tàbí mẹ́fà kí etí ọ̀kan gun etí èkejì. (Inú èso igi kan náà yìí ni wọ́n ti ń yọ thaumatin, ohun adùn tó fi ìlọ́po tó ju 2,000 lọ dùn ju ṣúgà, tí àwọn ilé iṣẹ́ ń lò nínú ṣingọ́ọ̀mù àti ohun mímu, bẹ́ẹ̀ ewé rẹ̀ nìkan ni ọ̀pọ̀ nínú wa kà kún.) Àwa nìkan kọ́ la sì ń lò ó fún irú iṣẹ́ báyìí. Ní Kinshasa àti Brazzaville, oúnjẹ tí wọ́n ń pè ní líbókè kò ju ẹja, àlùbọ́sà, tòmátì àti ata lọ, tí wọ́n fi ewé inú ìdílé ewé eéran wé, tí wọ́n sì gbé ka orí èédú títí tí ewé ìta yóò fi gbẹ, tí yóò sì dúdú.

Ó wá ku iná. Àwọn tó ń sun bọ̀ọ̀lì mọ̀ pé iná tó ń jó lálá kì í sun nǹkan jiná, ara rẹ̀ ló máa ń jó. Ẹ jẹ́ kí èédú inú àdògán jó tán títí tí eérú funfun yóò fi bo gbogbo rẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ na àtẹ́lẹwọ́ sókè wáyà ìyanẹja, kí ó fi bí ìbú ọwọ́ kan ga sí i, kí ẹ sì máa ka ení, èjì, ẹ̀ta. Bí ẹ kò bá lè ka márùn-ún kí ẹ tó fa ọwọ́ kúrò, iná náà ṣì le jù, ẹ da èédú náà ká. Bí ẹ bá kà á kọjá mẹ́wàá, ó ti kú jù. Ẹja tó wọn ààbọ̀ kílò yóò lò tó ìṣẹ́jú ogún sí mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n lórí irú iná bẹ́ẹ̀. Èyí tó tó kílò kan lè gbà tó ìṣẹ́jú márùndínlógójì tàbí kí ó lé díẹ̀. Ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tí ẹ fún èpìyà ńlá yín kò tó rárá, ṣùgbọ́n lórí iná yẹn, bí ẹ bá tún fi kún un, jíjóná ni ì bá jóná sí i.

Ooru tó wà nínú ewé kì í ṣe ooru gbígbẹ. Omi ara ẹja fúnra rẹ̀ ló ń di oru, tí oru náà sì ń yí ẹja po nínú ìdì, ìdí nìyẹn tí a kì í fi í bu omi sí i, tí a sì ń fi aṣọ nu ẹja gbẹ kí a tó fi iyọ̀ àti èròjà pa á lára. Bí omi bá pọ̀ nínú ewé, bíbọ̀ ni ẹja yóò bọ̀. Ẹ la ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ méjèèjì ní ọ̀nà mẹ́ta títí tí ọ̀bẹ yóò fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan eegun, kí ooru lè dé ẹ̀yìn rẹ̀ láìpẹ́. Ẹ yí i padà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Kí ẹ tó tú u, ẹ fi ẹyọ ìgbálẹ̀ kan tí ẹ ti fọ̀ mọ́ gún ibi tó nípọn jù, lẹ́yìn orí, láti òkè ewé. Bí ó bá wọlé wọ́ọ́rọ́wọ́ títí dé eegun, ó ti jiná. Ẹni tó bá ní ohun ìwọ̀n ooru lè kì í bọ ibẹ̀: 63 °C ni à ń wá. Ẹ gbé e kúrò lórí iná, kí ẹ jẹ́ kí ó sinmi nínú ewé rẹ̀ fún bí ìṣẹ́jú márùn-ún kí ẹ tó gé okùn.

Ẹ kú àlàyé. Ata efinrin mi máa ń dúdú kí àlejò tó jókòó, ó sì máa ń korò díẹ̀. Ẹ̀rọ ìlọta ni mo fi ń lọ̀ ọ́. Ọkọ mi ní kí n máa sè é kó lè dára. (Ìyàwó ilé, Abẹ́òkúta)

Ẹ bá mi kí ọkọ yín, ṣùgbọ́n ẹ má ṣe sè é. Òróró tín-ín-tín inú ewé efinrin ló ń fún un ní òórùn, òróró yẹn sì máa ń bá oru lọ ni. Òórùn tó bá gba gbogbo ilé kan nígbà tí ẹ bá ń se efinrin, inú ìkòkò ló ti jáde wá. Nínú ọbẹ̀ ẹja olómi, èyí kì í ṣe ìṣòro púpọ̀, nítorí pé a lè já efinrin sí i nígbà tí a bá fẹ́ sọ ọ́ kalẹ̀. Ṣùgbọ́n ata tí a fẹ́ dà sórí ẹja tó ń gbóná kò nílò iná mìíràn, nítorí pé ooru ẹja náà yóò tú òórùn yẹn sílẹ̀ lójú ẹni tó fẹ́ jẹun.

Ohun tó ń sọ efinrin di dúdú ni pé bí a bá ti ya ara ewé, omi inú rẹ̀ àti afẹ́fẹ́ á pàdé, àwọ̀ rẹ̀ á sì bẹ̀rẹ̀ sí í yí padà, bí ojú ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí a gé sílẹ̀ ṣe ń yí padà gan-an. Ẹ̀rọ ìlọta ń ya ewé sí wẹ́wẹ́, ó tún ń fẹ́ afẹ́fẹ́ sí i, ó sì ń gbóná díẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Bí ẹ ti ń lọ̀ ọ́ pẹ́ tó ni ìkorò inú igi àti iṣan ewé ń jáde tó.

Báyìí ni kí ẹ ṣe é. Ẹ já ẹ̀kúnwọ́ méjì efinrin, ewé tó ṣì tútù ní orí ẹ̀ka nìkan. Ẹ ya òdòdó rẹ̀ àti igi rẹ̀ sọ́tọ̀, ṣùgbọ́n ẹ má dà wọ́n nù, nítorí pé inú ikùn ẹja ni a ó kì wọ́n sí kí a tó wé e. Ẹ ri ewé náà bọ omi tó ń hó, kí ẹ ka ení dé ẹ̀wá, kí ẹ yọ ọ́ sínú omi tútù kíákíá, omi yìnyín bí ẹ bá rí i, kí ẹ sì fún un gbẹ. Rírì yẹn kò pẹ́ tó láti lé òórùn rẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n ó tó láti dá ohun tó ń sọ ọ́ di dúdú dúró. Ẹ wá kó ata rodo méjì, ààyù ẹyọ méjì, atalẹ̀ tó tó orí àtàǹpàkò àti iyọ̀ ṣíbí kékeré kan sínú odó kékeré, kí ẹ gún àwọn wọ̀nyí kúnná kí efinrin tó wọlé. Nígbà tí efinrin bá wọlé, gígún rẹ̀ kò gbọdọ̀ ju kí ewé fọ́ lọ. A ṣì gbọ́dọ̀ máa rí i pé ewé ni. Ẹ rẹ́ àlùbọ́sà kékeré kan sí i wẹ́wẹ́, kí ẹ sì da ìdajì ife òróró lé e lórí lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, nítorí pé òróró ni yóò dí ọ̀nà mọ́ afẹ́fẹ́.

Ọsàn wẹ́wẹ́ ló kù, òun sì ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń fi ba àwọ̀ ata náà jẹ́. Omi kíkan rẹ̀ máa ń sọ àwọ̀ ewé di pípọ́n ràkọ̀ràkọ̀ bí ó bá pẹ́ lórí rẹ̀. Ẹ gbé e sórí tábìlì ní gígé, kí olúkúlùkù fún tirẹ̀ sórí ẹja nígbà tó bá fẹ́ jẹ ẹ́.

Àwọn kan bèèrè bóyá epo pupa lè dípò òróró. Ó lè dípò rẹ̀, èmi kan kì í lò ó níhìn-ín ni, nítorí pé epo á fẹ́ kí a mọ̀ pé òun wà níbẹ̀, efinrin náà á sì fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ kí ata náà jinlẹ̀ sí i, kí ó fi ẹ̀kún ṣíbí irú wòrò kan gún un mọ́ ata rodo. Mágì kò ní iṣẹ́ kankan tó fẹ́ ṣe nínú rẹ̀.

Ẹ̀yin akọ̀wé yìí, ẹja ni mo ń tà ní ọjà Olúwo ní Ẹ̀pẹ́, mo sì ti ń tà á kí wọ́n tó bí ọ̀pọ̀ nínú yín. A kì í wé ọ̀bọ̀kún, orí wáyà lásán la ń yan án sí. Ewé tí ẹ ń wí yẹn, ṣé kò ní bo adùn rẹ̀? Àti pé ẹ kò sọ̀rọ̀ òróòro, ẹ kò sì sọ̀rọ̀ àrọ̀. (Ìyá ẹlẹ́ja kan)

Ìyá mi, ẹ ṣeun tí ẹ kọ̀wé sí wa. Òótọ́ lẹ sọ nípa ọ̀bọ̀kún. Ẹja tó sanra, tí ọ̀rá rẹ̀ pọ̀, kì í gbẹ lórí iná, èéfín tó sì ń kan ara rẹ̀ wà lára ohun tí ènìyàn ń torí rẹ̀ rà á. Èpìyà àti kúròkà, tí ẹran ara wọn kò lọ́ràá, ni ewé wúlò fún jù, nítorí pé wọ́n lè gbẹ táútáú kí eegun wọn tó jiná. Ohun kan wà tí mo fẹ́ kí ẹ gbà pẹ̀lú mi: bí ọ̀rá ẹja bá ń kán sórí ẹ̀yín iná, èéfín tó ń ti ibẹ̀ gòkè ń gbé àwọn èròjà tó lè fa àrùn jẹjẹrẹ padà sára ẹja, ewé sì ń dènà ìyẹn. Ṣùgbọ́n awọ ẹja inú ewé kì í gan, rírọ̀ ló máa ń rọ̀. Ẹni tó bá fẹ́ méjèèjì lè tú ewé náà nígbà tó bá ku bí ìṣẹ́jú mẹ́ta tàbí mẹ́rin, kí ó fi òróró pa ẹja lára, kí ó sì tẹ́ ẹ lé wáyà ní ìhòòhò.

Ẹ̀bi wa ni ti òróòro. Àpò kékeré aláwọ̀ ewé tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀dọ̀ ẹja ni, bí ó bá sì bẹ́ nínú ikùn ẹja tí a kò là tán, ìkorò rẹ̀ á dé ibi tí omi kò lè fọ̀ ọ́ dé. Kí ẹni tó ń ṣe odindi ẹja ti ọ̀bẹ bọ ikùn rẹ̀ ní orí ọ̀bẹ nìkan, láti ìsàlẹ̀ lọ sókè, kí ó sì fi ìka fa gbogbo ìfun rẹ̀ jáde lẹ́ẹ̀kan. Kí ó tún yọ ohun pupa tí ẹja fi ń mí lábẹ́ ìdérí etí rẹ̀, nítorí pé ibẹ̀ ló kọ́kọ́ máa ń bàjẹ́. Ní ti àrọ̀, ẹ̀yin gan-an lẹ kọ́ wa: iyọ̀ ni kí a fi ra á lára kí ohun yíyọ̀ rẹ̀ lè ká kúrò, omi tó lọ́ wọ́ọ́rọ́ ni kí a fi ṣàn án, kì í ṣe omi tó ń hó, tí yóò bó o láwọ. Bí ó bá gùn ju ewé lọ, kí a ká a, kí ìrù rẹ̀ wọ ẹnu rẹ̀, bí àwọn tó ń yan ẹja ṣe ń ṣe é.

Ṣé mo lè lo fóìlì tàbí náílọ̀nù dípò ewé? (Akẹ́kọ̀ọ́, Adó-Èkìtì)

Náílọ̀nù, rárá: á yọ́ sára ẹja yín. Fóìlì ń ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n iyọ̀ àti ọsàn wẹ́wẹ́ máa ń jẹ ẹ́, díẹ̀ nínú rẹ̀ á sì wọ inú oúnjẹ. Bí òun nìkan lẹ bá ní, ẹ tẹ́ ewé kan ṣoṣo sínú rẹ̀ kí ẹja má bàa fara kàn án. Ẹ má sì fi ewé tí ẹ kò mọ̀ wé ohun jíjẹ nítorí pé ó tóbi.

Peckham ni mò ń gbé. Ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ inú fírísà ni mo ń rí rà, mi ò sì ní àgbàlá. Ṣé mo lè dá iná èédú sí bákónì? (Ọmọ Yorùbá kan ní Lọ́ńdọ̀nù)

Ẹ má ṣe dá a. Àwọn panápaná Lọ́ńdọ̀nù ń kìlọ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe yan nǹkan sí bákónì, èyí tó sì burú jù ni kí ẹ gbé èédú tó ń jó wọlé nítorí òtútù tàbí òjò, nítorí pé gáàsì carbon monoxide tó ń ti ara rẹ̀ jáde kò ní àwọ̀, kò ní òórùn, ó sì ń pa ènìyàn.

Óófùn yóò ṣe iṣẹ́ náà dáadáa. Ẹ yọ ewé kúrò nínú fírísà, kí ẹ jẹ́ kí ó dẹ̀ pátápátá kí ẹ tó tú u, nítorí pé bí ó ṣe le lọ́wọ́ yẹn, ṣíṣẹ́ ló máa ṣẹ́. Òtútù ti sọ ọ́ di rírọ̀ díẹ̀, síbẹ̀ ẹ fi yáná lórí sítóòfù. Ẹ kọ́kọ́ jẹ́ kí óófùn gbóná dé 200 °C, kí ẹ gbé ẹja sórí páànù, kí ẹja ààbọ̀ kílò sì lo bí ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Bí ẹ bá tan iná òkè óófùn sí i fún ìṣẹ́jú méjì tó kẹ́yìn, ewé ìta á jó díẹ̀, ìwọ̀nba òórùn èéfín yẹn á sì dé ara ẹja. Ẹ ṣí fèrèsé ṣáájú o, kí aago èéfín má bàa pe aládùúgbò jọ. Bí ẹ kò bá rí efinrin tútù, ìbátan rẹ̀ ni basil, pàápàá èyí tí àwọn ará Thailand ń lò. Òórùn rẹ̀ kò le tó ti efinrin, nítorí náà ẹ fi kún un.

Mo fi ewé wé ẹja títù, mo sì sun ún jiná dáadáa. Lẹ́yìn tí mo jẹ ẹ́, ẹnu mi ń ta mí, ojú mi pọ́n, ara sì ń yún mi. Ṣé ewé náà ni? (Òǹkàwé kan, Ọ̀ṣogbo)

Kò dájú pé ewé ni. Títù àti kóòtè wà lára àwọn ẹja tó jẹ́ pé bí wọ́n bá pẹ́ nínú ooru lẹ́yìn tí wọ́n ti kú, tàbí lẹ́yìn tí yìnyín ara wọn ti yọ́, kòkòrò àìfojúrí á sọ ohun kan nínú ẹran ara wọn di histamine, histamine yìí ló sì ń fa irú ìyún àti ojú pípọ́n tí ẹ sọ. Iná kì í pa á. Ẹ lè sun ẹja náà títí ilẹ̀ yóò fi mọ́, ohun tó ti wà nínú rẹ̀ kò ní kúrò, ó sì lè máà ní òórùn kankan tí yóò kìlọ̀ fún yín. Nítorí náà, inú fíríìjì ni kí ẹja yìnyín ti dẹ̀ mọ́jú, kì í ṣe nínú abọ́ lórí tábìlì láti àárọ̀ di ọ̀sán. Ẹ ra á lọ́wọ́ ẹni tí fírísà rẹ̀ kì í sinmi, kí ẹ sì kọ èyí tó ti yọ́ tí wọ́n tún dá padà sínú yìnyín. Ẹ lè mọ̀ ọ́n nípa yìnyín ẹlẹ́jẹ̀ tó dì sí ìdí páálí rẹ̀. Síbẹ̀, ẹ sọ ohun tó ṣe yín fún dókítà, nítorí pé àwọn kan wà tí ẹja fúnra rẹ̀ ń bá ara wọn jà, bí èémí bá sì ń ṣòro fún ẹnikẹ́ni lẹ́yìn oúnjẹ, ilé ìwòsàn ni kí ó gbà lọ lójú ẹsẹ̀.

Ọjọ́ mélòó ni ata efinrin lè lò? (Òǹkàwé kan, Ìkòròdú)

Inú fíríìjì ni kí ó wà, kí ó má sì ju ọjọ́ mẹ́ta lọ. Ààyù tútù tó wà lábẹ́ òróró lórí tábìlì lè bí kòkòrò tó ń fa májèlé botulism, tí kì í yí òórùn tàbí adùn oúnjẹ padà. Bí ẹ bá fẹ́ kó o pamọ́ pẹ́, ẹ gún un láìfi ààyù àti àlùbọ́sà sí i, kí ẹ bu ú sínú ike yìnyín, kí ẹ sì gbé e sí fírísà. Ní ọjọ́ tí ẹ bá fẹ́ lò ó ni kí ẹ tó gún ààyù mọ́ ọn.